Ta Ló Ni Àwòrán Náà? Olókùn àti Ẹni Tí A Dè Nínú Kinbaku

Nínú kinbaku, iṣẹ́ ọnà okùn dídè ti ilẹ̀ Jàpáànù, orúkọ ọ̀gá tó di okùn tàbí tó ya fọ́tò ló máa ń wà lára iṣẹ́. Orúkọ ẹni tí wọ́n dè kì í sábà hàn. Èrò mi ni pé àwọn méjèèjì ló jọ ṣe é, àwọn méjèèjì ló sì yẹ kó jọ ni ín.

Láti ìbẹ̀rẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ti wọ́. Hojōjutsu, ọgbọ́n tí wọ́n fi ń de ọ̀daràn láyé Edo ní Jàpáànù, wà lára ibi tí iṣẹ́ yìí ti ṣẹ̀. Kò sẹ́ni tó ń bi ẹlẹ́wọ̀n bóyá ó gbà. Itō Seiu (1882–1961), ayàwòrán, wà lára àwọn tó sọ ọ́ di ọnà. Ní 1921, ó so ìyàwó rẹ̀, Sahara Kise, rọ̀ ní ìdoríkodò tòun ti oyún, ó sì ya fọ́tò rẹ̀, nítorí ó fẹ́ mọ̀ bóyá àwòrán obìnrin olóyún tí a so rọ̀ bẹ́ẹ̀, tí ayàwòrán Yoshitoshi ṣe ní 1885, bá bí ara ṣe ń rí gan-an mu. Fọ́tò Itō ni gbogbo ayé ń pè é. Kise ló fi ẹ̀mí méjì wewu.

Àwọn kan á ní olókùn ló ni èrò, pé ara lásán ni ẹnì kejì gbé wá. Ẹni tó mọ bí okùn ṣe ń ṣiṣẹ́ kò ní sọ bẹ́ẹ̀. Okùn júùtù (tí wọ́n ń bó lára igi ewédú àti ìbátan rẹ̀) ni wọ́n sábà ń lò, ó nípọn tó mílímítà 6, ó sì gùn tó mítà 7 tàbí 8. Nínú ìdè takate kote, ọwọ́ méjèèjì á lọ sẹ́yìn, okùn á sì yí apá òun àyà po, nítòsí ibi tí iṣan ìmọ̀lára kan gbà kọjá lára egungun apá. Bí okùn bá tẹ iṣan yìí, ọrùn ọwọ́ lè rọ jọwọlọ, ó sì lè gba oṣù mélòó kan kó tó bọ̀ sípò. Ojú olókùn kò tó o. Ẹni tí a dè ló ń mọ̀ nígbà tí àtàǹpàkò bá ń kú tipiri. Òun ló ń tún mímí rẹ̀ ṣe, tó ń darí ìwúwo ara síbi tí okùn ti lè gbà á, tó sì ń sọ pé ó tó. Iṣẹ́ ọnà ni gbogbo èyí.

Ọ̀rọ̀ náà kan owó àti àṣẹ pẹ̀lú. KaoRi, oníjó, jẹ́ ẹni tí wọ́n ń yà lọ́dọ̀ Araki Nobuyoshi, ayafọ́tò tí àwòrán obìnrin tí a dè wà lára ohun tó sọ ọ́ di olókìkí, láti 2001 di 2016. Ní oṣù kẹrin 2018, KaoRi kọ ọ́ síta pé kò sí ìwé àdéhùn láàárín àwọn, pé wọ́n ń lo àwòrán òun láìbi òun léèrè, pé ọ̀pọ̀ iṣẹ́ ni òun kò gbowó rẹ̀. Gbígbà kí wọ́n yà wá ní fọ́tò yàtọ̀ sí gbígbà kí wọ́n tà á.

Ẹ̀yin tẹ ń tẹ ìwé, ẹ̀yin tẹ ń ṣe àfihàn: ẹ béèrè ìwé àdéhùn kẹ́ ẹ tó gba àwòrán, kẹ́ ẹ sì kọ orúkọ ẹni tí a dè síbẹ̀, tàbí orúkọ mìíràn tí òun fúnra rẹ̀ bá yàn.