Túndé Bákàrè: Pásítọ̀ tó gbé ìwàásù dé ojú títì

Pásítọ̀ Túndé Bákàrè wà lára àwọn òjíṣẹ́ Ọlọ́run nílẹ̀ Yorùbá tí ọ̀rọ̀ wọn kì í bá gbogbo ènìyàn lára mu. Bí àwọn kan ṣe ń pè é ní wòlíì tí kò bẹ̀rù aláṣẹ, bẹ́ẹ̀ ni àwọn mìíràn ń sọ pé òṣèlú ló wọ ẹ̀wù àlùfáà.

Ọjọ́ 11, oṣù kọkànlá, ọdún 1954 ni wọ́n bí i. Ọmọ Abẹ́òkúta ni. Ilé Mùsùlùmí ló ti dàgbà, kó tó di onígbàgbọ́ lọ́dún 1974. Ó kẹ́kọ̀ọ́ nípa òfin ní Yunifásítì Èkó, ó sì ṣiṣẹ́ lọ́dọ̀ Gani Fawẹ́hìnmi, agbẹjọ́rò tí àwọn ìjọba ológun tì mọ́lé lemọ́lemọ́. Ó ti kọ́kọ́ wà nínú ìjọ Deeper Life àti Ìjọ Ìràpadà kó tó dá Latter Rain Assembly sílẹ̀ l'Ékòó lọ́dún 1989. Ìjọ náà ló yí orúkọ padà sí Citadel Global Community Church lọ́dún 2019.

Àsọtẹ́lẹ̀ ló kọ́kọ́ sọ ọ́ di ẹni tí gbogbo ayé ń sọ̀rọ̀ rẹ̀. Lọ́dún 1999, ó ní Olóyè Olúṣẹ́gun Ọbásanjọ́, tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ dìbò yàn, kì í ṣe olùgbàlà Nàìjíríà, pé àáké yóò dé orí rẹ̀ kí wọ́n tó búra fún un. Ọbásanjọ́ gorí àléfà, ó sì lo ọdún 8 gbáko. Títí di òní ni àwọn alátakò Bákàrè ń fi èyí bú u.

Lẹ́yìn náà ló bọ́ sí ojú títì. Ààrẹ Umaru Yar'Adua ti lọ gba ìtọ́jú ní Saudi Arabia láti oṣù kọkànlá ọdún 2009, kò sì fa agbára lé ẹnikẹ́ni lọ́wọ́. Ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2010, ẹgbẹ́ Save Nigeria Group, tí Bákàrè jẹ́ aṣáájú rẹ̀, wọ́de lọ sí ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin l'Ábújá. Ọ̀jọ̀gbọ́n Wọlé Ṣóyínká wà láàárín wọn. Ní ọjọ́ 9, oṣù kejì, àwọn aṣòfin sọ Goodluck Jonathan di adelé ààrẹ.

Lọ́dún 2012, Jonathan kan náà ni wọ́n kọjú ìjà sí. Ìjọba rẹ̀ sọ epo bẹntiróò di náírà 141 láti orí náírà 65. Èrò kún Ọ̀jọ́tà fọ́fọ́, àwọn òṣìṣẹ́ daṣẹ́ sílẹ̀, ìjọba sì dá owó epo padà sí náírà 97 ní ọjọ́ 16, oṣù kìn-ín-ní.

Ṣùgbọ́n àpótí ìbò kò gbè é rí. Òun ni igbákejì Muhammadu Buhari nínú ìdíje ọdún 2011, wọ́n fìdí rẹmi. Nígbà tí òun fúnra rẹ̀ wá du tíkẹ́ẹ̀tì ààrẹ nínú ẹgbẹ́ APC ní oṣù kẹfà ọdún 2022, kò rí ìbò kan ṣoṣo.

Ìbéèrè tí ìgbésí ayé rẹ̀ fi sílẹ̀ kò tíì tán: ṣé orí àga ìwàásù nìkan ni iṣẹ́ pásítọ̀ mọ? Àwọn tó ní bẹ́ẹ̀ ni ń tọ́ka sí àsọtẹ́lẹ̀ ọdún 1999. Àwọn tó ní bẹ́ẹ̀ kọ́ sì ń tọ́ka sí Ọ̀jọ́tà.