Jàgùdà Ìbàdàn, Bọ́mà Bọ́ìsì Èkó: Bí A Ṣe Ń Kọ Ìtàn Ẹgbẹ́ Ọmọ Ìta

Láàárín ọdún 1930 sí 1960 ni ọ̀rọ̀ jàgùdà gbòde ní Ìbàdàn. Rélùwéè ti dé ìlú náà láti ọdún 1901, owó kòkó sì ń wọlé. Gbági àti ọjà Dùgbẹ̀ di ibi tí àgbẹ̀, oníṣòwò àti àjèjì ti ń pàdé, ibẹ̀ sì ni àwọn ọ̀dọ́ tí kò níṣẹ́ ti ń wá jíjẹ. Iṣẹ́ jàgùdà kì í ṣe ti ẹnì kan. Ọ̀kan á fèjìká gbá ẹni tó gbówó dání; bí onítọ̀hún bá ti yíjú wò ó, ọwọ́ ẹlòmíràn ti wọ àpò rẹ̀; kó tó figbe ta, owó ti bọ́ sọ́wọ́ ẹnì kẹta tó ti wọ àárín èrò lọ. Bí wọ́n bá mú ẹni tó yọ owó náà, wọn kì í bá kọ́bọ̀ lára rẹ̀. Ní ìlú kékeré, níbi tí tọmọdé tàgbà ti mọ ilé tí ọ̀dọ́ kọ̀ọ̀kan ti wá, irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ kò lè pẹ́ kó tó tú.

Ní Èkó, àwọn bọ́mà bọ́ìsì ń mú àwọn atukọ̀ òyìnbó lọ sí ilé ọtí àti ọ̀dọ̀ àwọn aṣẹ́wó. Nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, tí ọmọ ogun pọ̀ nígboro, ìjọba Gẹ̀ẹ́sì fi Donald Faulkner ṣe òṣìṣẹ́ àkọ́kọ́ fún ìgbáyégbádùn aráàlú níbẹ̀. Òfin ọmọdé àti ọ̀dọ́ tẹ̀ lé e ní 1943, tí wọ́n fi ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ti 1933 ṣe àwòkọ. Laurent Fourchard, nínú iṣẹ́ rẹ̀ ti 2006, fi hàn pé ìgbà yìí gan-an ni ìjọba sọ ìwàkiwà ọ̀dọ́ di ẹ̀ka ẹ̀ṣẹ̀ ọ̀tọ̀.

Ìṣòro ńlá tó wà nínú ìtàn yìí ni pé ọlọ́pàá, ilé ẹjọ́ àti oníwèé ìròyìn ló kọ ọ́ sílẹ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ló rí ní Manchester, níbi tí àwọn ọ̀dọ́ ìta tí wọ́n ń pè ní scuttler ti ń jà ní òpópónà láti bíi 1870 títí dé àwọn ọdún 1890. Ìwé ìròyìn ni Andrew Davies gbára lé jù nínú ìwé tó kọ ní 2008. Nípasẹ̀ wọn la fi mọ̀ pé bẹ́líìtì oníbọ́kù irin ni ohun ìjà àwọn scuttler, pé wọ́n ń wọ ṣòkòtò ẹlẹ́nu fífẹ̀ àti bàtà onígi tí wọ́n kan idẹ mọ́ nímú. Geoffrey Pearson ti sọ ní 1983 pé ìran kọ̀ọ̀kan nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ló ń rò pé ọ̀dọ́ ayé àtijọ́ sàn ju ti òun lọ. Ó yẹ kí ẹni tó ń ka fáìlì ọlọ́pàá Ìbàdàn fi èyí sọ́kàn.

Simon Heap kọ nípa jàgùdà Ìbàdàn ní 1997, Abubakar Momoh sì kọ nípa éríà bọ́ìsì Èkó ní 2000, ó sì so ọ̀rọ̀ wọn mọ́ ìnira ètò ọrọ̀ ajé SAP tó bẹ̀rẹ̀ ní 1986. Iṣẹ́ tó kù jù ni fífi ọ̀rọ̀ wá àwọn àgbà lẹ́nu wò. Ẹni tó jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́wàá ní Dùgbẹ̀ ní 1950 ti lé ní ọgọ́rin ọdún báyìí. Irú wọn ló lè sọ ẹni tó ń kọ́ àwọn ọmọ náà níṣẹ́, bí wọ́n ṣe ń pín owó, àti ẹni tó ń lọ ṣe onídùúró fún wọn ní àgọ́ ọlọ́pàá.