Adéyẹmí Afọláyan: Láti Ojú Agbo Eré dé Ìdí Ẹ̀rọ Ayàwòrán

Ọmọ tí kò bá mọ ìtàn ilé rẹ̀, àlejò ni láàárín àwọn ará rẹ̀. Nítorí náà ni a ṣe fẹ́ rán ara wa létí iṣẹ́ Adéyẹmí Afọláyan, tí gbogbo ayé mọ̀ sí Adé Love, ẹni tí a bí ní Agbamu yìí ní ọdún 1940, tí ó sì di olóògbé ní ọdún 1996. Púpọ̀ nínú wa ni ó mọ̀ ọ́n ní òṣèré. Díẹ̀ ni ó ronú kan ohun tí ó ná an kí ó tó di olùdarí sinimá.

Ní ọdún 1966 ni ó wọ ẹgbẹ́ eré Moses Ọláìyá, èyíinì ni Bàbá Sàlá. Ó sin ọ̀gá rẹ̀ títí di ọdún 1971, nígbà tí ó dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀. Ní ọdún 1976, Ọlá Balógun darí Àjàní Ògún, sinimá gígùn àkọ́kọ́ ní èdè Yorùbá. Adé Love ni ó ṣe Àjàní, ọ̀dọ́ ọdẹ tí ó ń jà nítorí ilẹ̀ baba rẹ̀. Balógun kan náà ni ó darí Ìjà Òmìnira, tí a mú jáde láti inú ìwé Adébáyọ̀ Fálétí.

Ṣùgbọ́n ẹni tí ó ti jẹ́ olórí nínú ẹgbẹ́ tirẹ̀ kì í pẹ́ títí lábẹ́ àṣẹ ẹlòmíràn. Ní ọdún 1980, Adé Love gbé Kádàrá jáde: òun ni ó kọ ọ́, òun ni ó darí rẹ̀, òun náà ni ó sì ṣe aṣáájú eré. Ìjà Orogún tẹ̀lé e ní 1982, Taxi Driver ní 1983, àti Ìyá Ni Wúrà ní 1984.

Iṣẹ́ náà kì í ṣe kékeré. Òkè òkun ni a ń fi fíìmù aláwọ̀ ránṣẹ́ sí láti fọ̀ ọ́, owó òkèèrè ni a sì fi ń san án. Nígbà tí ó bá dé, olówó rẹ̀ fúnra rẹ̀ ni yóò gbé e kiri láti ìlú dé ìlú. Bàbá Sàlá jẹ gbèsè ńlá nígbà tí àwọn olè ṣe àdàkọ Ọ̀run Móoru, sinimá rẹ̀ ti ọdún 1982, sórí fídíò. Síbẹ̀, nígbà tí àgbà náà tún fẹ́ ṣe Mosebólátán ní àárín àwọn ọdún 1980, Adé Love, ọmọ iṣẹ́ rẹ̀ àtijọ́, ni ó darí rẹ̀ fún un. Ẹ̀kọ́ ńlá ni èyí fún àwa tí ń kọ́ni: ohun tí a fi sọ́wọ́ akẹ́kọ̀ọ́ lè padà wá di ọ̀pá ìtìlẹ̀ fún olùkọ́.

Lẹ́yìn ọdún 1986, iye náírà já wálẹ̀, owó fíìmù ga ju agbára àwọn òṣèré lọ, fídíò sì gba ipò rẹ̀. Ṣùgbọ́n iná kú, ó fi eérú bojú. Ọ̀gẹ̀dẹ̀ kú, ó fi ọmọ rẹ̀ rọ́pò. Kúnlé ọmọ rẹ̀ ṣeré nínú Ṣaworoidẹ ti Túndé Kèlání ní 1999. Ní 2006, òun náà darí Ìràpadà. Ọ̀nà tí baba gbà ni ọmọ tọ̀.

Ẹ jẹ́ kí a rántí pé fíìmù tí a kò tọ́jú a máa rà bí aṣọ. Ẹnikẹ́ni tí ó bá ní fọ́tò, ìwé ìpolówó tàbí ìrántí kankan nípa eré rẹ̀, kí ó mú un wá fún Ẹgbẹ́ wa, kí àwọn ọmọ wa má baà gbọ́ orúkọ náà láìrí iṣẹ́ rẹ̀. Ìlú wa yóò máa tẹ̀síwájú.