Ẹnìkan Kì í Jẹ́ Àwá Dé: Ìtàn Òṣèré Èkejì

Ní oṣù kejì ọdún 1826, Hugh Clapperton, arìnrìn-àjò ọmọ Scotland, jókòó ní Ọ̀yọ́ Ilé, ó ń wo eré tí Aláàfin ní kí wọ́n ṣe fún un. Eégún alárìnjó kan di òjòlá, ó ń wọ́ nílẹ̀. Òmíràn di òyìnbó: ó funfun báláú, ó rù, òtútù ń mú un, ó ń fín áṣáà, ó sì ń gbẹ́sẹ̀ bí ẹni tó ń bẹ̀rù ẹ̀gún. Clapperton kọ ọ́ sínú ìwé rẹ̀. Orúkọ ẹni tó wà lábẹ́ aṣọ náà ni kò sí níbẹ̀.

Bẹ́ẹ̀ ló ṣe ń rí fún òṣèré èkejì, ẹni tí kì í ṣe ọ̀gá ẹgbẹ́, láti ìgbà náà. Bí a bá ń ka ìtàn eré Yorùbá, orúkọ ọ̀gá ẹgbẹ́ là ń kà. Ìyìn tọ́ sí wọn. Ṣùgbọ́n ẹnìkan kì í jẹ́ àwá dé. Ọba orí ìtàgé kò lè jọba bí kò bá sí ẹni tó máa dọ̀bálẹ̀ fún un.

Hubert Ògúndé gbé eré rẹ̀ àkọ́kọ́ jáde ní gbọ̀ngàn Glover l'Ékòó ní 1944. Ní 1945, ọdún tí Ogun Àgbáyé Kejì parí, ó dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀. Àwọn obìnrin tó ń bá a ṣeré kì í pẹ́ kí wọ́n tó lọ sílé ọkọ, ọkọ a sì ní òun ò fẹ́ eré mọ́. Ògúndé wá ń fẹ́ wọn níyàwó, kí ẹgbẹ́ má bàa tú. Àwọn obìnrin yìí ni òpó ilé eré rẹ̀. Nígbà tí Dúró Ládiípọ̀, ọ̀gá ẹgbẹ́ mìíràn, ń ṣe Ṣàngó nínú eré Ọba Kò So láti 1963, Abíọ́dún ìyàwó rẹ̀ ni Ọya. Nígbà tí Òjó Ládiípọ̀, Bàbá Mẹ́rò, kú ní 1978, ọmọ ẹgbẹ́ rẹ̀, Adébáyọ̀ Sàlámì, ẹni tí a mọ̀ sí Ọ̀gá Bello, ló gba ẹgbẹ́ náà, tí kò jẹ́ kó parun.

Sinimá dé. Àjàní Ògún jáde ní 1976, Aiyé ti Ògúndé ní 1979. Láti 1986 tí náírà bẹ̀rẹ̀ sí í já wálẹ̀, owó fíìmù kọjá agbára àwọn ẹgbẹ́, wọ́n sì yà sí fídíò. Ibẹ̀ ni ìgbé ayé òṣèré èkejì ti yí padà. Àáró tí àgbẹ̀ ń ṣe lóko di ti eléré: wá bá mi ṣe tèmi lónìí, màá bá ọ ṣe tìrẹ lọ́la. Òṣèré kò jẹ́ ti ọ̀gá kan ṣoṣo mọ́. Ojú kan náà lè wà nínú ọ̀pọ̀lọpọ̀ kásẹ́ẹ̀tì lórí igbá ní ọjà Ìkòròdú.

Ojú tí mi ò lè gbàgbé nínú wọn ni ti Bábátúndé Omídínà, Bàbá Sùwé, ọmọ Ìkòròdú tí wọ́n bí sí erékùṣù Èkó ní 1958. Ní 1971 ló bẹ̀rẹ̀ eré. Ó di ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n kí fíìmù Ìrù Ẹṣin, tí Ọláìyá Igwe gbé jáde ní 1997, tó sọ ọ́ di ìlú-mọ̀-ọ́n-ká. Ẹ rántí bó ṣe máa ń wọlé: ó ti fi dúdú kun ojú, aṣọ ń fẹ̀ lọ́rùn rẹ̀. Ó lè jẹ́ maigádì, ó lè jẹ́ ọmọ ọ̀dọ̀. Ọ̀gá ilé á pàṣẹ, òun náà á dáhùn, ìdáhùn á sì gba ibi tí ọ̀gá ò rò gbà. Nígbà tí ọ̀gá bá fi máa rí ohun tó máa sọ, ẹ̀rín ti pa gbogbo ilé. Bí ìyàwó rẹ̀, Ọmọládùn Kẹ́ńkẹ́léwù, bá tún wà níbẹ̀, ìjà tọkọtaya di ohun tí ọmọdé ń sín jẹ. Ọmọládùn kú ní 2009. Bàbá Sùwé tẹ̀ lé e ní oṣù kọkànlá 2021, Ìkòròdú ni wọ́n sì sin ín sí.

Ìran náà kò run. Ní 2020, àwọn ọmọdé Ìkòròdú tí wọ́n ń pè ní Ikorodu Bois fi ohun èlò inú ilé ṣe ẹ̀dà ìpolówó fíìmù Extraction, àwọn tó ṣe fíìmù náà sì yìn wọ́n. Láàárín wọn, kò sí ẹni tó kéré jù fún ipa kankan.

Ìjọba ìpínlẹ̀ Èkó ti kọ́ gbọ̀ngàn eré sí Ẹ̀pẹ́, wọ́n sì ti ya ilẹ̀ sọ́tọ̀ ní Èjìnrìn fún Ìlú Fíìmù. Inú mi dùn sí i. Ẹ̀bẹ̀ kan ni mo ní. Bí ẹ bá ń kọ orúkọ sára ògiri ibẹ̀, ẹ kọ ti maigádì, ẹ kọ ti ọmọ ọ̀dọ̀, ẹ kọ ti ìyàwó tó ń jó lẹ́yìn ọ̀gá. A ti sọ orúkọ ẹni tó di òyìnbó níwájú Clapperton nù. Kí ti àwọn tó kù má tún sọnù.