Dúró Ládípọ̀: Ìlù Tí Ó Jáde Nínú Ṣọ́ọ̀ṣì

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ilé ni a ti ń kó ẹ̀ṣọ́ ròde. Bí ẹnì kan bá sì wà nínú àwọn òṣèré wa tí ó fi ọ̀rọ̀ yìí ṣe ìwà hù, tí ó kó ìlù, oríkì àti ìtàn àwọn baba rẹ̀ láti ìgboro Òṣogbo títí dé òkè òkun, Dúró Ládípọ̀ ni ẹni náà.

Òṣogbo Òròkí, ìlú aró, ni a ti bí i, nínú ilé onígbàgbọ́, nítorí pé òṣìṣẹ́ ìjọ Áńgílíkà ni baba rẹ̀. Iṣẹ́ tíṣà ni òun náà kọ́kọ́ ṣe, tí iṣẹ́ náà sì gbé e dé Kàdúná kí ó tó padà sílé. Ní ọdún 1961, ó ṣe orin Àjíǹde fún ìjọ All Saints ní Òṣogbo, ó sì fi ìlù ilẹ̀ wa gbè é. Àwọn àgbà ìjọ kọ̀ jálẹ̀, wọ́n ní ìlù tí a fi ń bọ òrìṣà kò gbọdọ̀ dún nínú ilé Olúwa. Ládípọ̀ kò tìtorí èyí so ìlù kọ́. Ní òpin ọdún náà, ọ̀dọ̀ Mbari, ẹgbẹ́ àwọn òǹkọ̀wé àti oníṣẹ́ ọnà ní Ìbàdàn, ni ó gbé orin Kérésìmesì rẹ̀ lọ.

Ní oṣù Kẹta ọdún 1962, òun àti Ulli Beier, ọmọ ilẹ̀ Jámánì tí ó fi àṣà wa ṣe ayọ̀, dá ibùdó àṣà Mbari Mbayo sílẹ̀ ní Òṣogbo, eré Ọba Mọ́rọ̀ ni wọ́n sì fi ṣí i. Nígbà tí ọdún yípo, Ọba Kò So dé: ìtàn Ṣàǹgó Olúkòso, ọkọ Ọya, ọba tí iná ń yọ lẹ́nu rẹ̀, tí agbára àwọn balógun rẹ̀ méjèèjì, Tìmì àti Gbọ̀nńkáà, di ẹrù lọ́rùn rẹ̀, tí ó sì kọ wọ́n lu ara wọn títí ọ̀tẹ̀ náà fi padà wá bá a nílé. Ládípọ̀ fúnra rẹ̀ ni ó ṣe Ṣàǹgó. Abíọ́dún, aya rẹ̀, ni ó ṣe Ọya. Nígbà tí Gbọ̀nńkáà bá Tìmì pàdé ní Ẹdẹ, ọfọ̀ ni ó fi ṣẹ́gun rẹ̀, tí oorun fi gbé akọni lọ lójú ogun. Ìdí rẹ̀ nìyí tí eré náà fi yàtọ̀: oríkì, ọfọ̀ àti ìjálá ni ẹran ara rẹ̀, bàtá àti dùndún kò sì jẹ́ ọ̀ṣọ́ lásán, wọ́n ń sọ̀rọ̀ bí àwọn òṣèré ti ń sọ̀rọ̀.

Ní ọdún 1964, ẹgbẹ́ òṣèré Ládípọ̀ gbé eré náà lọ sí Berlin; ní ọdún tí ó tẹ̀ lé e, wọ́n dé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Yorùbá pọ́ńbélé ni wọ́n fi ṣe é níbẹ̀, àwọn tí kò gbọ́ èdè náà sì fi ojú àti etí gba ọ̀rọ̀ tí ìlù àti ijó ń sọ fún wọn.

Kò sì fi Ọba Kò So nìkan mọ. Ó kọ Ọba Wàjà, lórí Ẹlẹ́ṣin tí ó yẹ kí ó bá Aláàfin rọ̀run tí aláṣẹ òyìnbó dá dúró. Ó kọ Mọ́remí. Nígbà tí tẹlifíṣọ̀n, tí ó bẹ̀rẹ̀ ní Ìbàdàn ní ọdún 1959, sì ti di ohun tí àwọn ará ilé ń pé jọ wò, ó fi eré Bodè Wásinmi wọ iyàrá wọn. Akọrin ìjọ, òǹkọ̀wé, òṣèré, olórí ẹgbẹ́: gbogbo rẹ̀ ni ó jẹ́ pọ̀.

Ní ọjọ́ 11 oṣù Kẹta ọdún 1978, erin wó, àjànàkú sùn bí òkè. Ṣùgbọ́n lónìí, gángan àti dùndún ń dún nínú ọ̀pọ̀ ṣọ́ọ̀ṣì ilẹ̀ wa, ẹnikẹ́ni kò sì bínú sí i. Ohun tí a lé jáde ni a tún ti fi ọwọ́ ara wa gbà wọlé, ọ̀kan nínú àwọn tí ó la ọ̀nà náà ni Ládípọ̀. Ẹni tí ó bá fẹ́ bọ̀wọ̀ fún un, kí ó kọ́ ọmọ rẹ̀ ní oríkì orílẹ̀ rẹ̀, kí ó sì kọ́ ọ ní ohun tí ìlù ń wí.