Àwọn Ayàwòrán-Ilẹ̀ Potogí àti Ẹnu Ọ̀sà Èkó

Ẹni tí ó bá dúró létí omi ní Akọ́ka, lẹ́yìn Yunifásítì Èkó tí a dá sílẹ̀ ní ọdún 1962, tí ó sì kọjú sí ìlà-oòrùn, ọ̀sà ni yóò máa wò títí ojú yóò fi rẹ̀ ẹ́. Ọ̀sà yìí ni ó bí orúkọ tí gbogbo ayé fi ń pe Èkó. Kì í ṣe ará Yábàá tàbí ará Múṣin ni ó sọ ìlú ní Lagos. Ará orí ọkọ̀ ni ó sọ ọ́ bẹ́ẹ̀, orí awọ ẹran ni a sì kọ́kọ́ kọ ọ́ sí, ní ìlú òkèèrè, láti ọwọ́ àwọn tí ọ̀pọ̀ nínú wọn kò fi ojú ara wọn rí omi náà rí.

Ní ọdún 1469, Ọba Afonso Karùn-ún ti ilẹ̀ Potogí fi òwò etíkun Gíní lé oníṣòwò kan ará Lisbon lọ́wọ́, Fernão Gomes ni orúkọ rẹ̀. Àdéhùn náà kò rọrùn. Fún ọdún 5, Gomes yóò máa san 200,000 reais lọ́dọọdún, yóò sì máa rí i pé àwọn ọkọ̀ rẹ̀ tẹ̀ síwájú ní líìgì 100, èyí tí ó tó nǹkan bí kìlómítà 600, ní etíkun tí ojú Potogí kò tíì tó. Ẹni tí ó bá jẹ irú gbèsè bẹ́ẹ̀, dandan ni kí ó ya àwòrán. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, kí ni yóò fi jẹ́rìí níwájú ọba pé òun dé ibi tí òun ní òun dé? Ní ọdún 1471 wọ́n dé etíkun tí wọ́n pè ní Mina, ní ilẹ̀ tí a ń pè ní Gánà lónìí. Ọdún 1472 ni àwọn òpìtàn sábà máa ń so mọ́ orúkọ Rui de Sequeira, ẹni tí wọ́n ní ó gba iwájú ọ̀sà Èkó kọjá lọ sí ìhà Bìní.

Iṣẹ́ ayàwòrán-ilẹ̀ kì í ṣe iṣẹ́ ojú lásán. Atukọ̀ a máa ṣe àkọsílẹ̀ ìrìn ọkọ̀ rẹ̀: ìhà tí abẹ́rẹ́ kọ́ńpáàsì tọ́ka sí, bí ọkọ̀ ti rìn jìnnà tó, ìjìnlẹ̀ omi tí ó fi okùn olójé wọ̀n, àti irú iyanrìn tàbí ẹrẹ̀ tí òjé náà bá gbé wá láti ìsàlẹ̀. Ní òru, ìràwọ̀ àríwá ni ó fi ń mọ bí òun ti jìnnà sí ilé tó. Ṣùgbọ́n bí ọkọ̀ bá ti ń sún mọ́ agbedeméjì ayé, ìràwọ̀ yìí a máa lọ sílẹ̀ títí kò fi ní wúlò mọ́. Nítorí èyí ni Ọba João Kejì ṣe rán José Vizinho, Júù tí ó mọ̀ nípa oòrùn àti ìràwọ̀, lọ sí etíkun Gíní ní ọdún 1485, kí ó lè fi gíga oòrùn ọ̀sán wọn ibi tí ilẹ̀ kọ̀ọ̀kan wà. Ohun tí àwọn atukọ̀ bá kó dé Lisbon ni àwọn ènìyàn bí Pedro Reinel máa ń fi yíǹkì yà sórí awọ. Àwòrán kan tí Reinel fọwọ́ sí ní nǹkan bí ọdún 1485 wà ní Bordeaux, ní ilẹ̀ Faransé, títí di òní, etíkun Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà sì wà nínú rẹ̀.

Àwọn ọba Potogí kò fẹ́ kí ojú àlejò tó irú nǹkan bẹ́ẹ̀. Ní ọdún 1504 Ọba Manuel ka ohun tí ó wà níwájú odò Kóńgò léèwọ̀ fún gbogbo ayàwòrán. Àṣírí sì ti tú ná: ní ọdún 1502 ni Alberto Cantino, aṣojú olórí ìlú Ferrara ní Ítálì, ti fi owó wúrà 12 gba àwòrán ayé kan ní Lisbon, tí ó sì gbé e jáde ní ìkọ̀kọ̀. Modena ni àwòrán náà wà lónìí. Ilé olódi Mina hàn gedegbe lórí rẹ̀. Bí ojú bá tọ etíkun láti ibẹ̀ wá sí ìhà ìlà-oòrùn, orúkọ odò àti orúkọ etí-òkun ni yóò máa bá pàdé, wọ́n tò gbọọrọ bí eyín ìyarun.

Ẹni tí ó sọ̀rọ̀ jùlọ nípa ẹnu ọ̀sà yìí ni Duarte Pacheco Pereira. Jagunjagun ni, atukọ̀ ni, ó sì sọ pé ẹ̀ẹ̀mẹrin ni òun dé ìlú Bìní. Láàárín ọdún 1505 sí 1508 ni ó kọ ìwé rẹ̀, Esmeraldo de Situ Orbis. Àwọn àwòrán tí ó yẹ kí ó bá ìwé náà rìn ti sọnù, ọdún 1892 ni a sì tó tẹ ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ jáde. Pacheco ní ẹnu Odò Ọ̀sà léwu púpọ̀. Bí òkun bá tilẹ̀ kún, omi ibẹ̀ kò ju ìwọ̀n ènìyàn méjì lóòró lọ. Iyanrìn dí i, ìgbì sì ń fọ́ lé iyanrìn náà lórí ní ọ̀pọ̀ oṣù inú ọdún, tó bẹ́ẹ̀ tí a kì í fi í rí ojú ọ̀nà. Ọkọ̀ kékeré tí kò ju 30 tàbí 35 tọ́ọ̀nù lọ nìkan ni ó lè wọ ibẹ̀. Bí ó bá sì ti wọlé tán, omi náà a fẹ̀, a di adágún ńlá. Ní líìgì 12 tàbí 13 sí ibẹ̀ ni ìlú ńlá kan tí ó pè ní Geebuu wà, tí yàrà ńlá yí ká, olúwa ìlú náà ní ìgbà yẹn sì ni Agusale. Ta ni kò ní mọ Ìjẹ̀bú àti Awùjalẹ̀ nínú aṣọ àjèjì wọ̀nyí? Ní ibi kan náà tí ó ti sọ ìjìnlẹ̀ omi ni ó ti sọ iye tí wọ́n ń ra ènìyàn: ẹ̀gbà ọwọ́ onídẹ 12 sí 15 fún ẹrú kan. Ó fi eyín erin díẹ̀ kún un. Ohùn kan náà ni ó fi sọ gbogbo rẹ̀, ohùn ẹni tí ń ka ẹrù ọjà.

Nípa iyanrìn ẹnu ọ̀sà, Pacheco kò parọ́. Odindi 400 ọdún lẹ́yìn rẹ̀ ni iyanrìn yẹn ṣì ń dá ọkọ̀ ńlá dúró. Ọdún 1908 ni a bẹ̀rẹ̀ sí kó òkúta sínú òkun láti fi ṣe odi ẹnu ọ̀nà, ọdún 1914 ni ọkọ̀ òkun ńlá sì tó bẹ̀rẹ̀ sí wọ inú èbúté Èkó. Kí ó tó di ìgbà náà, Forcados, ní ìlà-oòrùn lọ́hùn-ún, ni ọkọ̀ ńlá ti ń já ẹrù Èkó sínú ọkọ̀ kékeré. Potogí ni ó sọ Forcados náà lórúkọ. Pacheco ní àwọn ẹyẹ ńlá tí ìrù wọn là bí ti alápàáǹdẹ̀dẹ̀ ni wọ́n rí níbẹ̀. Odò kejì rẹ̀, Escravos, ẹrú ni ìtumọ̀ orúkọ tirẹ̀, nítorí ẹrú ni wọ́n rà níbẹ̀.

Irú àwọn orúkọ wọ̀nyí, láti inú ọkọ̀ ni a ti sọ wọ́n. Ohun tí atukọ̀ bá kọ́kọ́ rí, tàbí ohun tí ó bá rà, ni ó di orúkọ ilẹ̀ onílẹ̀. Àwọn kan ní ìlú Lagos tí ó wà ní Potogí ni a fi sọ Èkó. Àlàyé yẹn kò fẹsẹ̀ múlẹ̀ tó èkejì, nítorí pé lago ni adágún lédè wọn, Odò Ọ̀sà sì ni Pacheco fúnra rẹ̀ kọ. Lórí àwọn àwòrán tí ó tẹ̀ lé e, Lago de Curamo ni wọ́n ń kọ. Curamo yìí kò tíì kú: omi Kuramo ṣì wà ní Victoria Island.

Ṣùgbọ́n kí ni ó wà lẹ́yìn etí omi? Geebuu gba ojú ìwé nítorí pé ọjà rẹ̀ kàn án. Bí yàrà rẹ̀ ti tóbi tó sì ya àlejò lẹ́nu. Erédò Sùngbọ́ tí ó yí ilẹ̀ Ìjẹ̀bú ká gùn ju kìlómítà 160 lọ, ibòmíràn sì wà tí gíga rẹ̀ láti ìsàlẹ̀ kòtò dé orí ebè tó mítà 20. Ibi tí Yábàá, Sùúrùlérè àti Múṣin wà lónìí kò ní orúkọ kankan nínú ọ̀rọ̀ Pacheco. Ẹni tí kò bá gbọ́ ìtàn mìíràn lè rò pé igbó lásán ni. Ìtàn Àwórì kò sọ bẹ́ẹ̀. Wọ́n ní láti Ìṣẹrí ni Ọlọ́fin Ògúnfúnmiíre ti kó àwọn ènìyàn rẹ̀ wá sí Èbúté Mẹ́ta, kí wọ́n tó sọdá sí Ìddó. Àwọn náà sọ ilẹ̀ lórúkọ, ṣùgbọ́n bí ẹni tí ń fi ẹsẹ̀ rìn ni wọ́n ṣe sọ ọ́. Èbúté Mẹ́ta jẹ́ ibi tí ọkọ̀ ojú omi ti ń gúnlẹ̀. Ìdí-Àràbà jẹ́ ibi tí igi kan gbé dúró. Ojúẹlẹ́gba sì jẹ́ ojúbọ. Ẹni tí ó bá mọ àràbà náà kò nílò awọ kankan kí ó tó mọ ọ̀nà. Ibi tí àwòrán Potogí ti tán, ní etí omi, ni ti Àwórì ti bẹ̀rẹ̀.

Ìtàn náà ní àwọn ọmọ Ọlọ́fin ni wọ́n pín ilẹ̀ Èkó láàárín ara wọn, láti ọ̀dọ̀ wọn sì ni àwọn olóyè Ìdẹ́jọ ti wá. Ọ̀rọ̀ yìí di ọ̀rọ̀ ilé-ẹjọ́ nígbà tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì gba ilẹ̀ Àpápá ní ọdún 1913, tí ó sì ní Amodu Tijani, Olóyè Olúwà, ọ̀kan nínú àwọn Ìdẹ́jọ, kò ní ju ẹ̀tọ́ ìṣákọ́lẹ̀ lọ níbẹ̀. Ní ọdún 1920, Olúwà wọ ọkọ̀ lọ sí Lọ́ńdọ̀n. Ẹni tí ó bá a lọ ni Herbert Macaulay, ọmọ Èkó tí ó kọ́ṣẹ́ ìwọnlẹ̀ àti ìmọ̀ ẹ̀rọ ní Plymouth, tí ó sì ti jẹ́ awọnlẹ̀ ìjọba láti ọdún 1893 sí 1898 kí ó tó kọ iṣẹ́ náà sílẹ̀. Ní ọdún 1921, Privy Council dájọ́ pé ti àwọn ará ìlú ni ilẹ̀ Àpápá, àti pé bí ẹni tí ó gba ilẹ̀ lọ́wọ́ onílẹ̀ gan-an ni kí ìjọba ṣe san owó rẹ̀. Orúkọ Macaulay wà lára òpópónà tí ó la Yábàá já. Ilẹ̀ Olúwà sì ni ó wà lọ́wọ́ òsì ọkọ̀ tí ó bá gba ẹnu ọ̀sà tí Pacheco kọ̀wé nípa rẹ̀ wọlé, kí ó tó dé Ìddó.