Orúkọ Kennedy láti Ireland dé Bouaké: Ìtumọ̀, Ìtàn àti Ipò Rẹ̀ nínú Ìmọ̀ Orúkọ

1. Ìfáárà

Ilé là ń wò kí a tó sọmọ lórúkọ. Òwe yìí ni ọ̀pọ̀ nínú àwa tí a ń ṣiṣẹ́ lórí orúkọ Yorùbá fi ń ṣe ìpìlẹ̀, ó sì tọ́ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n òwe náà kò sọ bí ilé tí à ń wò ṣe tóbi tó.

Ní ìlú Bouaké, ní àárín gbùngbùn Côte d'Ivoire, àdúgbò kan ń jẹ́ Sokoura, òmíràn ń jẹ́ Kennedy. Ẹni tí ó bá gbọ́ èdè Jula yóò túmọ̀ ti àkọ́kọ́ láìronú: so ni ibùgbé, kura sì ni titun. Ìlú Titun ni Sokoura, gẹ́gẹ́ bí Sabon Gari ti èdè Hausa, tí àwa Yorùbá gé kúrú sí Sábó. Ti èkejì kò ní ìtumọ̀ nínú Jula, kò ní in nínú Baoulé, bẹ́ẹ̀ ni kò ní in nínú Yorùbá tí àwọn ará Èjìgbò àti àwọn mìíràn, tí wọ́n ń pè ní Anango níbẹ̀, gbé dé Côte d'Ivoire. Síbẹ̀ orúkọ àdúgbò ni, ó sì tún jẹ́ orúkọ tí a ń sọ ọmọ káàkiri Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà.

Orúkọ kejì yìí ni iṣẹ́ yìí dá lé. Ohun tí a fẹ́ fi hàn ni pé orúkọ tí a dá sílẹ̀ láti fi ìran ènìyàn hàn ti di èyí tí kò fi ìran kankan hàn mọ́, àti pé ìyípadà yìí gan-an ni ìtumọ̀ rẹ̀ lónìí.

2. Orírun orúkọ náà

Ó Cinnéide ni orúkọ náà ní èdè Ireland. Ó Cinnéidigh ni wọ́n ń kọ ọ́ tẹ́lẹ̀. Wúnrẹ̀n mẹ́ta ni a lè rí fà yọ nínú rẹ̀. Ó túmọ̀ sí ‘ọmọ-ọmọ’ tàbí ‘àtọmọdọ́mọ’. Ceann ni ‘orí’. Wúnrẹ̀n kẹta ni awuyewuye wà lé lórí. Àwọn kan kà á sí éidigh, ‘tí kò rẹwà, tí ó ń bani lẹ́rù’. Àwọn mìíràn so ó pọ̀ mọ́ éide, ‘ìhámọ́ra’, kí ó lè jẹ́ ‘ẹni tí ó dé akoto ogun’. Ìrísí rẹ̀ àtijọ́, Cennétig, gbe ìtumọ̀ àkọ́kọ́ lẹ́sẹ̀ ju èkejì lọ.

Cennétig mac Lorcáin jẹ́ ọba àwọn Dál gCais ní gúúsù Ireland. Ó kú ní ọdún 951. Òun ni bàbá Brian Bóruma, ọba tí ó kú lójú ogun Clontarf ní 1014. Ọmọ-ọmọ Cennétig kan, tí Donncuan ẹ̀gbọ́n Brian bí, jẹ́ orúkọ bàbá-àgbà rẹ̀, ọ̀dọ̀ ọmọ yìí sì ni ìdílé Ó Cinnéide ti ṣẹ̀ wá. Orúkọ ènìyàn kan ṣoṣo ni Cennétig. Ó ni ó sọ ọ́ di orúkọ agbo ilé. Ní Ireland, irú orúkọ ìdílé báyìí ti ń fẹsẹ̀ múlẹ̀ láti nǹkan bí ẹgbẹ̀rún ọdún sẹ́yìn. Ní ilẹ̀ Yorùbá, oríkì orílẹ̀ bí Òkín, Erin àti Ọ̀pọ́ ni ó ń ṣe irú iṣẹ́ yìí. Orúkọ ìdílé tí bàbá fi lé ọmọ lọ́wọ́ nínú ìwé kò dé títí di ìgbà àwọn míṣọ́nnárì àti ìjọba amúnisìn.

Etí Yorùbá lè má gba orí tí kò rẹwà gẹ́gẹ́ bí orúkọ ọba. Orí ni àyànmọ́ lọ́dọ̀ tiwa, èébú ńlá sì ni olórí burúkú. Ṣùgbọ́n àwa náà mọ orúkọ tí kò dùn ún gbọ́. Ààtàn àti Àkísàátán ń bẹ lára orúkọ àbíkú, kò sì sí ẹni tí ó gbà pé ààtàn ni òbí fi ọmọ rẹ̀ wé. Ìtumọ̀ wúnrẹ̀n lọ́tọ̀, ìdí tí a fi sọ ọmọ lórúkọ lọ́tọ̀.

3. Láti orúkọ ìdílé sí orúkọ ọmọ

Lábẹ́ ìjọba Gẹ̀ẹ́sì, pàápàá láti sẹ́ńtúrì kẹtàdínlógún, ọ̀pọ̀ ìdílé ní Ireland ju Ó àti Mac sílẹ̀. Ó Cinnéide di Kennedy. Mọ́fíìmù tí ó ń sọ pé ‘àtọmọdọ́mọ’ ti kú, àmọ́ orúkọ náà ṣì ń tọ́ka sí ìdílé. Lásìkò ìyàn ńlá tí ó bẹ̀rẹ̀ ní 1845, Patrick Kennedy kúrò ní Wexford lọ sí Boston ní Amẹ́ríkà. John Fitzgerald Kennedy, tí ó di Ààrẹ Amẹ́ríkà ní 1961, jẹ́ ọmọ-ọmọ ọmọ rẹ̀.

Fífi orúkọ ìdílé ṣe orúkọ ọmọ ti wà ṣáájú Ààrẹ yìí. Wọ́n sábà máa ń ṣe é láàárín àwọn tí ń sọ Gẹ̀ẹ́sì kí orúkọ ilé ìyá má baà parun. Kennedy Kane McArthur, tí wọ́n bí ní Dervock ní àríwá Ireland ní 1881, ni ó gba ẹ̀yẹ eré ìje marathon fún South Africa ní Stockholm ní 1912. Ṣùgbọ́n ọ̀nà yìí kọ́ ni orúkọ náà gbà dé ọ̀dọ̀ tiwa.

Òkìkí ni ó gbé e wá. Ní Oṣù Keje 1957, nígbà tí ó ṣì jẹ́ sẹ́nétọ̀, Kennedy sọ̀rọ̀ gbe òmìnira Algeria lẹ́sẹ̀, gbogbo ibi tí Faransé ń ṣàkóso ni ọ̀rọ̀ náà sì ti ní ìtumọ̀. Ní 1961 ni ó dá Peace Corps sílẹ̀. Àwọn olùyọ̀ǹda ara wọn dé Ghana ní Oṣù Kẹjọ ọdún náà, wọ́n dé Nàìjíríà kí ọdún tó parí, wọ́n sì dé Côte d'Ivoire ní 1962. Ní Oṣù Karùn-ún 1962, ó gba Ààrẹ Houphouët-Boigny lálejò ní Washington. Wọ́n yìnbọn pa á ní ọjọ́ 22 Oṣù Kọkànlá 1963. Ikú yìí sọ orúkọ náà di ohun ìrántí: ilé ẹ̀kọ́ gíga àwọn ọmọbìnrin kan ní Dakar ń jẹ́ ẹ, ilé ìwòsàn ńlá tí wọ́n ṣí ní Monrovia ní 1971 náà ń jẹ́ ẹ.

Láti ìgbà náà, orúkọ yìí kò dúró lójú kan. Ní Amẹ́ríkà, láti bí ọdún 1990 sókè, wọ́n ń fi sọ ọmọbìnrin. Lọ́dọ̀ tiwa, ọmọkùnrin ni ó sábà ń jẹ́ ẹ. Ní Brazil, agbábọ́ọ̀lù kan tí a bí ní 1996 ń jẹ́ Robert Kenedy, pẹ̀lú n kan ṣoṣo. Ní ọjọ́ 12 Oṣù Kejì 2012, Zambia fi gbá-sílé-kí-n-gbá-sílé borí Côte d'Ivoire ní Libreville láti gba ife ẹ̀yẹ Áfíríkà. Kennedy Mweene, tí a bí ní 1984, ni aṣọ́lé Zambia. Fún ọmọ Côte d'Ivoire tí ó wo bọ́ọ̀lù alẹ́ ọjọ́ náà, Kennedy ti ní ìtàn mìíràn.

4. Ìró rẹ̀ lẹ́nu Yorùbá

Ìdí kan tí orúkọ yìí fi tètè gbilẹ̀ ni ìhun sílébù rẹ̀. Sílébù mẹ́ta ni, ọ̀kọ̀ọ̀kan sì jẹ́ kọ́ńsónáǹtì àti fáwẹ́lì: Kẹ́-nẹ́-dì. Kò béèrè fún àfibọ̀ fáwẹ́lì bí ó ti rí nínú búrẹ́dì. Jula àti Baoulé náà fẹ́ràn sílébù tí fáwẹ́lì parí. Lẹ́nu ẹni tí ó gbà á láti inú Gẹ̀ẹ́sì, ohùn òkè bọ́ sórí sílébù tí Gẹ̀ẹ́sì tẹ̀ mọ́lẹ̀, ohùn ìsàlẹ̀ sì parí rẹ̀. Ẹni tí ó gbà á láti inú Faransé kò rí irú ìtẹ̀mọ́lẹ̀ bẹ́ẹ̀ níbẹ̀rẹ̀, nítorí sílébù ìparí ni Faransé ń gbé sókè.

Ohun kan ṣoṣo ni ó fi hàn pé àyálò ni. Nínú Yorùbá, [n] jẹ́ ẹ̀dà /l/ níwájú fáwẹ́lì àránmúpè. Fáwẹ́lì àìránmúpè ni ẹ, nítorí náà nẹ ṣọ̀wọ́n nínú ọ̀rọ̀ àbáláyé. Orúkọ náà wọ ilé wa, ṣùgbọ́n ó di àpò rẹ̀ lọ́wọ́.

5. Ipò rẹ̀ láàárín àwọn orúkọ wa

Nígbà tí a bá ń pín orúkọ sí ọ̀wọ́, a máa ń ka àmútọ̀runwá, àbísọ, oríkì, àbíkú àti ìnagijẹ, a ó sì kó ìyókù sábẹ́ ‘orúkọ àjèjì’, tí a sábà ń kà sí orúkọ ẹ̀sìn. Kennedy kì í ṣe orúkọ ẹ̀sìn. Lójú tiwa, àbísọ ni. Ìṣẹ̀lẹ̀ ìgbà ìbí ni ó bí i, gẹ́gẹ́ bí Abíọ́dún àti Tòkunbọ̀. Ìyàtọ̀ ibẹ̀ ni pé Tòkunbọ̀ fẹnu ara rẹ̀ sọ ìtàn ara rẹ̀. Kennedy nílò ẹni tí yóò bá a sọ ọ́.

Ìyàtọ̀ yìí ní ipa ju ti ìwé lọ. Ní Côte d'Ivoire, láti ìgbà òfin ìdìbò 1994 àti àríyànjiyàn ivoirité, orúkọ di ohun tí a fi ń wádìí ẹni tí ó jẹ́ onílé àti ẹni tí ó jẹ́ àlejò. Ogun bẹ́ sílẹ̀ ní ọjọ́ 19 Oṣù Kẹsàn-án 2002, Bouaké sì di ibùdó àwọn ọlọ̀tẹ̀. Àdéhùn Ouagadougou ti Oṣù Kẹta 2007 ni ó bẹ̀rẹ̀ sí í tún un ṣe, ìwé ìdánimọ̀ sì wà lára ohun tí wọ́n jọ jíròrò jù. Nírú ipò bẹ́ẹ̀, Kouadio ń tọ́ka sí Baoulé, Coulibaly ń tọ́ka sí àríwá, Adébáyọ̀ sì ń tọ́ka sí Yorùbá. Kennedy kò tọ́ka sí ẹnikẹ́ni. Orúkọ ìdílé tí ó tẹ̀ lé e ni yóò sọ bóyá ọmọ Baoulé, ọmọ Jula tàbí ọmọ Anango ni. Ọ̀rọ̀ tí Ireland dá sílẹ̀ láti sọ pé ‘ọmọ lágbájá ni mí’ ni ó wá di apá kan ṣoṣo nínú orúkọ ènìyàn tí kò sọ ọmọ ẹni tí ó jẹ́.

6. Ìgúnlẹ̀

A ti rí i pé orúkọ yìí pàdánù ìtumọ̀ lẹ́ẹ̀mẹta: orí di ìdílé, ìdílé di Ààrẹ, Ààrẹ sì di ọmọ tí a bí ní ọdún kan. Nígbà kọ̀ọ̀kan, ìtàn ni ó rọ́pò ìtumọ̀. Nítorí náà, ìbéèrè ‘kí ni orúkọ yìí túmọ̀ sí?’ kò tó fún irú orúkọ bẹ́ẹ̀. Ó yẹ kí a béèrè ẹni tí ó sọ ọmọ náà lórúkọ, ọdún wo ni, àti ohun tí ó gbọ́ tí ó fi yan orúkọ náà.

Kò sí àkókò láti fi falẹ̀. Ẹni tí ó jẹ́ ọmọ ọdún márùndínlọ́gbọ̀n nígbà tí ó sọ ọmọ rẹ̀ ní Kennedy ní 1963 ti sún mọ́ àádọ́rùn-ún ọdún báyìí. Bí ó bá lọ láìjẹ́ pé a kọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ sílẹ̀, a ó máa rí orúkọ náà nínú ìwé ìbí ní Sokoura, ní Èjìgbò àti ní Accra, a ó sì máa kọ ‘àjèjì’ sí iwájú rẹ̀. Ilé ni bàbá náà wò kí ó tó sọmọ lórúkọ. Ilé tirẹ̀ ló gbòòrò ju èyí tí àwa ti ń wò lọ.